Kàlẹ́ńdà oko fún ayé tí a fọwọ́ dá: ta ni yóò kọ́kọ́ kọ ebè?

Ìbéèrè láti Oǹdó:

"Ẹ̀gbọ́n, mò ń kọ ìtàn kan nípa ayé tí mo fi ọkàn ara mi dá. Ìràdò ni mo pe ilẹ̀ náà. Ọdún wọn jẹ́ 400 ọjọ́: oṣù mẹ́wàá, 40 ọjọ́ nínú oṣù kọ̀ọ̀kan. Òṣùpá méjì ló wà lójú ọ̀run wọn. Ńlá ń yípo ní 40 ọjọ́, kékeré ní 16. Oṣù kọ̀ọ̀kan ló ní irè tirẹ̀: oṣù iṣu, oṣù àgbàdo, oṣù ẹ̀wà, oṣù ẹ̀gẹ́, oṣù ẹ̀fọ́ tẹ̀tẹ̀, bẹ́ẹ̀ bẹ́ẹ̀ lọ. Wọ́n á gbìn ín ní ìbẹ̀rẹ̀ oṣù, wọ́n á kórè rẹ̀ ní ìparí. Ìgbà mẹ́rin ló wà nínú ọdún, yìnyín sì ń bo ilẹ̀ ní ìgbà tó kẹ́yìn. Ìwọ̀fà olówó kan ni akọni mi, wọ́n sì ń jagun níbẹ̀. Àwọn ọ̀rẹ́ mi ní ó dùn. Bàbá mi tí wọ́n jẹ́ àgbẹ̀ gbọ́ ọ, wọ́n bú sẹ́rìn-ín, wọ́n ní ebi á ti pa gbogbo èèyàn inú ìwé mi tán kí n tó kọ ojú ewé kejì. Kí ló burú níbẹ̀? Ṣebí àlọ́ ni?"

* * *

Bàbá rẹ ò purọ́. Àlọ́ ni lóòótọ́, ṣùgbọ́n mélòó nínú àlọ́ Ìjàpá tí wọ́n pa fún wa ni kò bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú ìyàn? Ẹranko ń sọ̀rọ̀, igi ń kọrin, kò sẹ́ni tó ń bá apàlọ́ jiyàn lórí ìyẹn. Síbẹ̀, tí oúnjẹ bá tán nílùú, ebi ń pa Ìjàpá bó ṣe ń pa gbogbo ayé.

Wo iṣu tí o ní kí wọ́n gbìn kí wọ́n sì wà láàárín oṣù kan. Iṣu tí àwa mọ̀ ń lo oṣù méje sí mẹ́sàn-án nínú ilẹ̀. Tí a bá fi oṣù ọlọ́jọ́ 40 ti Ìràdò kà á, ó ju oṣù márùn-ún lọ, ó sì lè fẹ́rẹ̀ẹ́ tó méje. Àgbàdo tí a fẹ́ sè jẹ ní tútù ń lo nǹkan bí 80 sí 90 ọjọ́. Èyí tí a fẹ́ kó gbẹ lórí ìdúró, tí a máa fi ṣe ògì, á sún mọ́ 120. Ẹ̀gẹ́ lè gba odindi ọdún Ìràdò. Ká má tilẹ̀ dárúkọ kòkó, tó ń lo ọdún mẹ́ta sí márùn-ún kó tó so èso àkọ́kọ́. Nínú gbogbo ohun tí o kà sílẹ̀, ẹ̀fọ́ tẹ̀tẹ̀ nìkan ló lè tó jẹ láàárín 40 ọjọ́. O sì ní wọ́n ń jagun. Ẹ̀fọ́ tẹ̀tẹ̀ nìkan ni àwọn ọmọ ogun yẹn máa jẹ lọ?

Mo mọ ohun tí o máa sọ: iṣu Ìràdò yàtọ̀, ó ń yára ta. Kò burú, ayé tìrẹ ni. Ṣùgbọ́n ìlú tí iṣu bá ń ta lóṣooṣù, ta ló máa yá owó níbẹ̀? Ta ló máa kọ́ abà? Olè wo ló máa lọ jí iṣu tó pọ̀ káàkiri bí iyanrìn? Ìwọ̀fà ni akọni rẹ, o ní. Ẹni tí iṣu ń ta fún lóṣooṣù kì í di ìwọ̀fà. Oṣù iṣu rẹ ti pa akọni rẹ kí ogun tó bẹ̀rẹ̀.

Nǹkan mìíràn tún ni pé oṣù kan kì í ní irè kan ṣoṣo lóko. Lọ wo oko iṣu èyíkéyìí lójú ọ̀nà Ọ̀bà-Ilé, nítòsí Àkúrẹ́. Àgbàdo wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ebè, ẹ̀gúsí ń rá kiri nílẹ̀, ilá wà ní etí oko, ẹ̀gẹ́ tí wọ́n gbìn lọ́dún tó kọjá ṣì dúró ní ọ̀nà ọ̀hún. Ohun tí àgbẹ̀ ń rántí nípa oṣù ni iṣẹ́ tó jẹ́ kí ẹ̀yìn máa dùn ún: ìṣánko, ìsungbó, ìkọbè, ìroko, fífa ìtàkùn iṣu gun igi. Tí ó bá jẹ́ orúkọ oṣù lo ń wá, inú iṣẹ́ ni kí o ti mú un.

* * *

Àwọn tó ti kọ èsì sábẹ́ ìbéèrè yìí pín sí mẹ́ta.

Àwọn kan ní ayé tìrẹ ni, ṣe é bó ṣe wù ọ́. Ìmọ̀ràn yẹn ò wúlò fún ẹnikẹ́ni. Ẹni tó bá mọ ohun tó wù ú kò ní wá béèrè.

Àwọn kejì ní kí o gbé ti ilé wá: oṣù méjìlá, láti Ṣẹrẹ títí dé Ọ̀pẹ, kí o kàn yí orúkọ padà. Èyí ṣeé ṣe, àmọ́ nígbà náà, kí lo fẹ́ fi òṣùpá kejì ṣe?

Àwọn kẹta ni àwọn ọmọ FUTA, yunifásítì ìmọ̀ ẹ̀rọ tó wà ní Àkúrẹ́. Ọ̀kan nínú wọn kọ ọ̀rọ̀ gígùn gbọọrọ lórí bí ayé ṣe ń tẹ̀ sí ẹ̀gbẹ́ kan bó ti ń yí oòrùn po, pé ìtẹ̀sí yẹn, tó jẹ́ ìwọ̀n 23.4 fún ayé tiwa, ló ń mú kí ìgbà máa yí padà, àti pé bí Ìràdò bá dúró ṣánṣán, kò ní sí ẹ̀ẹ̀rùn, kò ní sí ìgbà òjò. Òótọ́ ni gbogbo rẹ̀. Òótọ́ sì tún ni pé òjò tiwa ń tẹ̀lé oòrùn: ó ń bá a gòkè lọ sí apá àríwá, ó ń bá a sọ̀ kalẹ̀. Ìdí nìyẹn tí òjò fi ń dé Àkúrẹ́ ní nǹkan bí oṣù kẹta, tó máa ń dáwọ́ dúró díẹ̀ ní oṣù kẹjọ, tó tún bẹ̀rẹ̀, tó fi ń tán ní oṣù kẹwàá sí ìkọkànlá. Ṣùgbọ́n gbogbo ìyẹn sọ ìgbà tí òjò máa rọ̀ fún wa ni. Kò sọ ìdí tí ènìyàn fi ní kàlẹ́ńdà.

Ohun tí èmi rí rè é, ẹni tó bá fẹ́ bá mi jà lórí rẹ̀ kó jà. Ilẹ̀ ò nílò kàlẹ́ńdà. Iṣu ò mọ oṣù. Àgbẹ̀ tó bá dá gbé inú igbó, òun, òjò àti ọkọ́ rẹ̀, kò ní ka ọjọ́ kankan. Á wo ojú ọ̀run, á wo ewé, á gbìn. Ìgbà tí ẹnì kejì bá dé ni kíkà bẹ̀rẹ̀. Ọjọ́ wo lo máa wá bá mi kọ ebè? Ìgbà wo lo máa san owó mi? Ọjọ́ ọjà ta ni ọ̀la? Nítorí náà, má ṣe béèrè pé irè wo ló wà nínú oṣù wo. Béèrè pé ìjà wo ló wà nínú rẹ̀.

Lórí ti yìnyín: tí yìnyín bá bo ilẹ̀ fún 100 ọjọ́, níbo ni iṣu wà? Iṣu tí òtútù bá mú bẹ́ẹ̀ á jẹrà nínú abà. Àwọn ará ilẹ̀ yìnyín ń tọ́jú ọkà sínú àká, wọ́n ń gé koríko gbígbẹ pamọ́ fún ẹran. O fún àwọn ará Ìràdò ní yìnyín, o ò fún wọn ní àká. Mú yìnyín kúrò tàbí kí o mú iṣu kúrò. Ọyẹ́ ń bẹ nílé tí o lè lò, tó ń fa ètè ya, tó ń mú kí igbó jóná láìròtẹ́lẹ̀. N ò mọ ìdí tí ẹ fi ń rin ìrìn àjò jìnnà wá òtútù.

* * *

Akọ̀wé Ìràdò tún béèrè: "Òṣùpá méjèèjì ńkọ́? Ṣé wọ́n dáa bí mo ṣe ṣe wọ́n?"

Wọ́n mọ́ tónítóní jù. 40 àti 16: ẹ̀ẹ̀kan ní gbogbo 80 ọjọ́ ni àwọn méjèèjì á jọ máa yọ ní kíkún, ẹ̀ẹ̀marùn-ún lọ́dún, ní ọjọ́ kan náà títí ayé. Ojú ọ̀run wo ló ń gbọ́ràn sí ènìyàn lẹ́nu tó bẹ́ẹ̀?

Òṣùpá tiwa ń lo ọjọ́ 29 àti ààbọ̀. Tí o bá ka méjìlá, 354 ló máa fún ọ, ọdún oòrùn sì jẹ́ 365. Ọjọ́ 11 ló dín. Gbogbo wàhálà tí ọmọ aráyé ti ṣe lórí kàlẹ́ńdà, inú ọjọ́ 11 yẹn ló ti wá. Àwọn Mùsùlùmí fi sílẹ̀ bẹ́ẹ̀, ìdí nìyẹn tí àwẹ̀ Ramadan fi ń bọ́ sínú ẹ̀ẹ̀rùn nígbà kan, tó ń bọ́ sínú òjò nígbà mìíràn, tó sì ń yí gbogbo ọdún po ní nǹkan bí ọdún 33. Àwọn Júù ń fi oṣù kan kún un, ẹ̀ẹ̀meje nínú ọdún 19, kí àjọ̀dún ìkórè má bàa sá kúrò lásìkò ìkórè. Àwọn ará Íjíbítì àtijọ́ kò bá òṣùpá ṣe mọ́ nínú ti ìjọba: 365 ọjọ́ gbáko, ìgbà mẹ́ta tí wọ́n fi ìkún omi odò, gbígbìn àti ìkórè sọ lórúkọ. Àmọ́ wọn ò fi ìdá mẹ́rin ọjọ́ tó ṣẹ́kù kún un, nítorí náà kàlẹ́ńdà wọn ń fi ọjọ́ kan yẹ̀ ní gbogbo ọdún mẹ́rin. Lẹ́yìn ọgọ́rùn-ún ọdún mélòó kan, ìgbà tí wọ́n ń pè ní ti ìkún omi ti bọ́ sí ìgbà tí odò ń fà. Ó gbà tó 1,460 ọdún kó tó padà sípò. Akọ̀wé tó bá rí irú nǹkan báyìí tí kò mú un lò, á jẹ́ pé kò wá ìtàn.

Bá mi dín òṣùpá ńlá rẹ kù sí ọjọ́ 38. Oṣù mẹ́wàá á jẹ́ 380, ọdún rẹ á sì ṣẹ́ku 20 ọjọ́. Ní ọdún méjì, 40 ọjọ́ ló ṣẹ́kù, ìyẹn ni pé oṣù kan wọ inú rẹ̀, ọjọ́ méjì sì tún ṣẹ́kù. Á jẹ́ pé ọdún kan á ní oṣù mẹ́wàá, èyí tó tẹ̀lé e á ní mọ́kànlá. Ọjọ́ méjì-méjì tó ń ṣẹ́kù yẹn náà ń kó jọ. Nígbà tí ó bá pé ọdún 38, ó ti di odindi oṣù kan tí kò sẹ́ni tó mọ ibi tí wọn á fi sí. Lọ ṣírò rẹ̀: 38 ọdún jẹ́ 15,200 ọjọ́, tí í ṣe 400 oṣù láìṣẹ́kù. Èèyàn lè gbé gbogbo ayé rẹ̀ kó rí oṣù yẹn ẹ̀ẹ̀kan péré. Ẹni tó rí i ní èwe tó sì tún rí i ní àgbà á mọ bí wọ́n ṣe yanjú rẹ̀ nígbà yẹn, ọba á sì ránṣẹ́ pè é.

Òṣùpá kékeré, fi í fún àwọn ọdẹ. Òru tó ṣókùnkùn ni wọ́n ń fẹ́.

* * *

"Ta ló máa wá sọ pé oṣù kọkànlá ti wọlé? Ọba ni àbí babaláwo?"

Ìbéèrè yìí ni mo ti ń dúró dè. Ẹni yòówù kó sọ ọ́, wo ẹni tó máa jèrè.

Akọni rẹ jẹ́ ìwọ̀fà. Láyé àtijọ́ níbí, ẹni tó bá yá owó tí kò rí i san á fi ara rẹ̀ tàbí ọmọ rẹ̀ ṣe ìwọ̀fà. Iṣẹ́ tó ń ṣe lóko olówó ni èlé. Owó gan-an ṣì wà nílẹ̀ bó ṣe wà, títí wọ́n á fi rí i san. Fi oṣù kọkànlá sínú ọ̀rọ̀ yìí wò. Olówó á ní, "Oṣù ni oṣù, wá sí oko." Ìwọ̀fà á ní, "Ọdún la jọ sọ, ọdún sì jẹ́ oṣù mẹ́wàá; oṣù yìí, oko tèmi ni mò ń lọ." Àwọn méjèèjì ló ní ẹ̀tọ́ díẹ̀. Wọ́n gbé ẹjọ́ dé ààfin, ọba tó fẹ́ dá a sì ní ìwọ̀fà tó kún oko tirẹ̀ fọ́fọ́. O ti rí orí kẹta ìwé rẹ.

Ẹ̀yin tó ń wá ogun àti idà, ẹ dá mi lóhùn: idà wo ló tó ìyẹn?

Àáró tún wà níbẹ̀. Ọ̀rẹ́ márùn-ún jọ ń kọ ebè, wọ́n á kọ ti èyí lónìí, wọ́n á kọ ti tọ̀hún lọ́túnla. Gbogbo rẹ̀ ń lọ dáadáa títí òjò fi rọ̀ lójijì, tí gbogbo wọn fẹ́ gbìn lẹ́ẹ̀kan náà. Ta ló kọ́kọ́ gba tirẹ̀? Bàbá kan láti Ìjù sọ pé nígbà tiwọn, ẹni tó dàgbà jù ni. Ará Oǹdó mìíràn ní kò rí bẹ́ẹ̀, ẹni tí oko rẹ̀ jìnnà jù lọ ni, kí ara tó rẹ wọn. Ẹ má bínú, bàbá, mo ti ẹni kejì yìí lẹ́yìn díẹ̀, ṣùgbọ́n méjèèjì ló ní ihò nínú. Tí ó bá jẹ́ àgbà ló ń ṣáájú lọ́dọọdún, àbíkẹ́yìn ni àgbàdo rẹ̀ á máa pẹ́ lọ́dọọdún. Ohun tó tọ́ ni kí ẹni tó ṣáájú lọ́dún yìí kẹ́yìn lọ́dún tó ń bọ̀. Ìyẹn ò sì ṣeé ṣe láìjẹ́ pé ẹnìkan ń rántí, tàbí kí wọ́n máa fá nǹkan sára ògiri, tàbí kí wọ́n máa so kókó sí okùn. Mo rò pé ibẹ̀ ni kàlẹ́ńdà Ìràdò ti bẹ̀rẹ̀, kì í ṣe lójú ọ̀run.

Ọ̀wẹ̀ yàtọ̀ sí àáró o, ẹ má dà wọ́n pọ̀. Nínú àáró, gbèsè iṣẹ́ ni: o ṣe tèmi, mo ṣe tìrẹ. Nínú ọ̀wẹ̀, mo pè yín, ẹ wá, mo sè fún yín, ó parí. Wàá rí i pé ẹni tó ní oúnjẹ ló lè bẹ ọ̀wẹ̀. Ìgbà tí iṣẹ́ pọ̀ jù ni oúnjẹ sì ń wọ́n jù, nítorí iṣu àná ti ń tán, ti ọdún yìí ò tíì ta. Ẹni tí abà rẹ̀ ṣì kún ní àkókò yẹn á bẹ ọ̀wẹ̀, gbogbo ọ̀dọ́ á lọ jẹ iyán níbẹ̀, oko rẹ̀ ló máa kọ́kọ́ gba èbù. Lọ́dún tó ń bọ̀, abà ta ló tún máa kún?

* * *

Ẹnìkan láti Ìdànrè wọlé, ó ní gbogbo ọ̀rọ̀ iṣu yìí ti pọ̀ jù, pé lọ́dọ̀ tiwọn, ọjọ́ tí owó kòkó bá wọlé ni ọdún bẹ̀rẹ̀.

Mo gbà fún un títí dé ibì kan. Kòkó ńlá máa ń pọ́n láti oṣù kẹwàá dé ìparí ọdún, kékeré á tún wá ní àárín ọdún, nígbà òjò. Àkókò ti ńlá ni wọ́n ń ra páànù, tí wọ́n ń gbé ìyàwó, tí wọ́n ń ṣe òkú àgbà tó ti kú láti oṣù kẹfà. Kàlẹ́ńdà méjì ló wà lórí ilẹ̀ kan náà: ti ẹnu àti ti àpò. Wọ́n sì ń kọlu ara wọn. Àsìkò tí kòkó ń bẹ̀bẹ̀ pé kí wọ́n wá ká òun ni iṣu náà ń fẹ́ wíwà. Kòkó tí wọ́n bá fọ́ gbọ́dọ̀ wà lábẹ́ ewé ọ̀gẹ̀dẹ̀ fún nǹkan bí ọjọ́ márùn-ún sí méje, lẹ́yìn náà kó rí oòrùn tó tó. Ti àárín ọdún tí òjò bá ká mọ́ inú ẹní, á hu, ẹni tó ń rà á á sì bù ú lówó.

Nítorí náà, fún Ìràdò ní irè kan tí kò ṣeé jẹ. Jẹ́ kí àwọn àjèjì máa wá rà á. Kí àwọn àjèjì yẹn jẹ́ ẹni tó ń ka òṣùpá nìkan, tí ẹ̀sìn wọn ò gbà kí wọ́n fi oṣù kún oṣù. Ọdún tiwọn jẹ́ 380 ọjọ́. Á jẹ́ pé lọ́dọọdún, wọ́n á fi 20 ọjọ́ ṣáájú ìgbà tí wọ́n dé lọ́dún tó kọjá. Ọdún kìíní, irè ti gbẹ, owó wọlé, ayọ̀. Ọdún kẹrin, wọ́n dé, irè ṣì wà lórí igi. Kí ni ará Ìràdò máa ṣe? Á tà á ní tútù ní owó pọ́ọ́kú, tàbí kó gba owó sílẹ̀ lórí irè tí kò tíì ká. Gbígba owó sílẹ̀ yẹn ló ń sọ èèyàn di ìwọ̀fà. Ará Ìdànrè wa á mọ ohun tí mò ń sọ. Nígbà tí ìjọba ṣì ní àjọ tó ń ra kòkó, kí wọ́n tó tú u ká ní 1986, iye owó tí wọ́n bá kéde ni gbogbo ilé fi ń mọ irú ọdún tí wọ́n máa jẹ.

* * *

"Ẹ̀gbọ́n, idán wà ní Ìràdò o. Wọ́n lè pe òjò. Kí ni wọ́n ń ka oṣù fún?"

Hàà. Ìwọ náà, ṣé o ò tíì lọ sí òde àríyá ní Àkúrẹ́ rí? Ẹni tó ń ṣe òkú ìyá rẹ̀ ní Sátidé á lọ bẹ àwọn tó ń di òjò, kí kánópì má bàa tutù. Ní ẹ̀yìn ilé ibẹ̀ gan-an, ẹnìkan gbin àgbàdo tí ewé rẹ̀ ti ń ká, ó ń wo ojú ọ̀run. Bí òjò bá rọ̀, olóde á bínú sí ẹni tó gba owó. Bí kò rọ̀, àgbàdo kú. Èmi ò sọ pé ó ń ṣiṣẹ́, èmi ò sì sọ pé kò ṣiṣẹ́. Ohun tí mo mọ̀ ni pé owó ń yí lọ́wọ́.

Bí òjò bá ṣeé pè, àfi kí wọ́n jọ fẹnu kò sí ọjọ́ kan. Ẹni tó ti kọ ebè tán fẹ́ òjò lónìí. Ẹni tí igbó rẹ̀ ṣì wà nílẹ̀, tí kò tíì sun ún, fẹ́ ẹ̀ẹ̀rùn sí i, nítorí igbó tí òjò bá pa kí iná tó kàn án, iṣẹ́ méjì ló dà. Ẹni tó sá irè sí ẹní ò tilẹ̀ fẹ́ gbọ́ orúkọ òjò. Idán rẹ ò pa kàlẹ́ńdà. Ó sọ ọ́ di ọ̀rọ̀ ààfin ni. Tí kò bá sí idán, a jọ ń bú òjò. Tí idán bá wà, ẹnìkan wà tí a lè bú.

* * *

Ọ̀rọ̀ àmì. Ọ̀pọ̀ yín kọ ọ́ pé àwọn àgbẹ̀ àtijọ́ ò nílò kàlẹ́ńdà torí pé wọ́n ń wo àmì: èsúnsún tó ń fò jáde lẹ́yìn òjò, ọ̀pọ̀lọ́ tó ń ké lódò, igi tó ń rúwé tuntun. Wọ́n ń wò ó, bẹ́ẹ̀ ni. Ṣùgbọ́n òjò àkọ́rò máa ń tan èèyàn. Á rọ̀ lẹ́ẹ̀kan, á rọ̀ lẹ́ẹ̀kejì, èsúnsún á fò, àgbàdo á bọ́ sílẹ̀, lẹ́yìn náà ojú ọ̀run á gbẹ fún ọ̀sẹ̀ mélòó kan. Ẹni tó yára gbìn á tún irúgbìn rà lọ́jà Ìsìkàn, ní owó tó ti gbẹ́nu sókè. Ẹni tó dúró jù, àgbàdo rẹ̀ á dé ọjà nígbà tí gbogbo ayé ti jẹ ẹ́ sú. Láàárín àwọn méjì yìí ni gbogbo ọgbọ́n oko wà, kò sì sí òṣùpá tó lè kọ́ ọ.

Nínú ìtàn rẹ, fi ẹnìkan síbẹ̀ tí gbogbo ìlú ń wò. Kó má jẹ́ ọba. Kó jẹ́ ìyá arúgbó kan tó ní oko kékeré, tí wọ́n á máa fojú wá láàárọ̀: ṣé ó ti gbìn? Bí ó bá gbìn, gbogbo wọn á gbìn. Kí ọ̀tá ìlú wá mọ̀ bẹ́ẹ̀.

Ẹnìkan fèsì pé ìlànà tó ní kí wọ́n má jẹ iṣu tuntun ṣáájú ọdún rẹ̀ jẹ́ ìgbàgbọ́ lásán, kí o má fi sínú ìtàn rẹ. Mi ò gbà. Ní ọ̀pọ̀ ìlú wa, ọba àti àwọn olóyè kan kì í fẹnu kan iṣu tuntun títí wọ́n á fi ṣe ọdún rẹ̀. Wo ohun tó wà lábẹ́ rẹ̀. Iṣu tí kò tíì gbó máa ń lómi, kì í pẹ́ kó tó bàjẹ́. Ẹni tó bá mọ̀ ọ́n wà á rọra gé iṣu, á fi orí rẹ̀ sílẹ̀ mọ́ ìtàkùn kó lè tún ta èbù fún ọdún tó ń bọ̀. Ẹni tí ebi ń pa ò ní sùúrù bẹ́ẹ̀, á hú gbogbo rẹ̀ jáde. Tí ìdajì ìlú bá ṣe bẹ́ẹ̀, èbù á di góòlù. Òfin náà ń dáàbò bo ọdún tó ń bọ̀. Àmọ́ ta ló rọrùn fún láti pa á mọ́? Ẹni tí abà rẹ̀ ṣì ní iṣu àná. Ìyá ọmọ mẹ́ta tó lọ wa iṣu ara rẹ̀ lóru, lóko ara rẹ̀, tí wọ́n mú un bí olè: kọ ìyẹn.

* * *

Akọ̀wé Ìràdò ti gbé kàlẹ́ńdà tuntun wá: Ìṣánko, Ìsungbó, Àkọ́rò, Ìkọbè, Ìroko, Ìyàn, Àgbàdo Tútù, Iṣu Tuntun, Ìsárè, Ọyẹ́. Ìsárè ni oṣù tí wọ́n ń sá irè títà. Ó dáa ju ti tẹ́lẹ̀ lọ fíìfíì. Nǹkan méjì péré.

Ìkọbè lẹ́yìn Àkọ́rò: àwọn kan á bá ọ jà. Ọ̀pọ̀ ló ń kọ ebè ní ìparí òjò, nígbà tí ilẹ̀ ṣì rọ̀, wọ́n á sin èbù sínú rẹ̀ nínú ẹ̀ẹ̀rùn, wọ́n á fi koríko gbígbẹ bo orí ebè kí oòrùn má bàa sè é. Àwọn mìíràn ń dúró de òjò. Má ṣe yan ọ̀kan. Jẹ́ kí òkè odò máa kọ ebè ní oṣù Ọyẹ́, kí ìsàlẹ̀ odò máa kọ ọ́ lẹ́yìn Àkọ́rò, kí wọ́n sì máa fi ara wọn ṣe ẹlẹ́yà títí ayé.

Èkejì, o gbàgbé àwọn alákùrọ̀. Ẹni tó ní ilẹ̀ létí odò ń gbin ẹ̀fọ́ àti àgbàdo nínú ẹ̀ẹ̀rùn gangan, nígbà tí ilẹ̀ oníkálùkù ti gbẹ. Oṣù Ọyẹ́ tó jẹ́ ìsinmi fún àwọn yòókù ni ìgbà iṣẹ́ tirẹ̀, oṣù Ìyàn sì bá a pẹ̀lú owó lọ́wọ́. Ilẹ̀ díẹ̀ ni, ẹjọ́ rẹ̀ pọ̀.

Nípa ọjọ́ ọjà: 400 ṣeé pín sí mẹ́rin láìṣẹ́kù. Tí o bá fún wọn ní ọ̀sẹ̀ ọlọ́jọ́ mẹ́rin bíi tiwa, Ọ̀ṣẹ̀, Awo, Ògún, Jàkúta, ọjọ́ kan náà ni ọdún oòrùn wọn á máa bẹ̀rẹ̀ títí láé. Tiwa ò rí bẹ́ẹ̀, nítorí ọ̀sẹ̀ 91 jẹ́ 364, ọjọ́ kan sì ń ṣẹ́kù. Fi í sílẹ̀ bẹ́ẹ̀. Ó yẹ kí nǹkan kan rọrùn fún wọn. Ṣùgbọ́n kí ọjà ìlú kan má bọ́ sí ọjọ́ ọjà ìlú kejì, àfi tí wọ́n bá ń jà.

O béèrè bóyá kí o ya gbogbo rẹ̀ sí iwájú ìwé. Rárá o. Kò sẹ́ni tó máa kà á. Jẹ́ kí akéde lu agogo kó pe orúkọ oṣù, kí ẹnìkan nínú ilé kígbe pé irọ́ ni, oṣù tó kọjá ò tíì tán. Oṣù kọkànlá ni kí o má fún ní orúkọ kan ṣoṣo: kí àwọn olówó máa pè é ní Àfikún, kí àwọn ìwọ̀fà máa pè é ní Oṣù Tiwa. Tí o bá ti kọ ibi tí ọba ti dá ẹjọ́ yẹn, fi ránṣẹ́ sí mi. Mo fẹ́ mọ ohun tí wọ́n máa ṣe fún ọba tó bá dá a fún ìwọ̀fà.